Bí A Ṣe Ń Ṣe Ẹ̀wù Iwin Olú fún Eré Orí Ìtàgé

Iwin Olú jẹ́ ẹ̀dá inú ayé àròsọ. Ó ga tó ènìyàn, fìlà olú ló wà lórí rẹ̀, ara rẹ̀ láti ọrùn dé ojúgun jẹ́ ẹsẹ̀ olú kan ṣoṣo, gbòǹgbò kan sì ń wọ́ tẹ̀lé e lẹ́yìn. Ẹni tó bá fẹ́ gbé e wá sórí ìtàgé ní ènìyàn méjì láti tẹ́ lọ́rùn. Òǹwòran tó jókòó ní ìlà tó gbẹ̀yìn gbọ́dọ̀ gbà pé ilẹ̀ ló ti hù jáde. Òṣèré tó wà nínú rẹ̀ gbọ́dọ̀ lè ríran, kó lè mí, kó sì lè gun àtẹ̀gùn. Bí ohun tí àwọn méjèèjì ń fẹ́ bá forí gbárí, ti òṣèré ni kẹ́ ẹ ṣe.

Òdiwọ̀n tó wà níbí bá òṣèré tó ga tó mítà 1.65 sí 1.75 mu. Ohun tó máa wà lórí rẹ̀ kò gbọdọ̀ ju kílò kan ààbọ̀ lọ. Bí ẹ bá ní ohun mìíràn láti fi kún un, èjìká ni kẹ́ ẹ gbé e kọ́, torí pé ọrùn kì í tètè sọ pé ó ti rẹ òun, àfi nígbà tí òṣèré bá dúró lójú ìran tí kò lè yí orí mọ́.

Irú olú wo ni?

Ohun tó kọ́kọ́ máa ń wá sọ́kàn ọ̀pọ̀ ènìyàn ni olú pupa tó ní àmì funfun tótòtó, torí pé òun ló kún inú àwòrán. Ẹ fi sílẹ̀. Igbó ilẹ̀ olótùútù ni ilé rẹ̀, nídìí igi páìnì àti irú igi bẹ́ẹ̀. Àmì funfun yẹn pàápàá kì í ṣe ọ̀ṣọ́: àjákù awọ tó bò ó nígbà tó wà ní kékeré ni, òjò líle sì lè fọ̀ ọ́ dànù. Àwọn tó máa wá wòran ní Ìbàdàn ti rí olú tiwa lójú ọ̀nà oko àti lójú ọjà, wọ́n á sì mọ̀ bí iwin yín bá jọ ọ́.

Ògògò ni kẹ́ ẹ fi ṣe ìpìlẹ̀. Ibi òkìtì ọ̀gán ló ti ń hù, torí pé àwọn ikán ló ń tọ́jú rẹ̀ nísàlẹ̀. Wọ́n á jẹ igi àti ewé gbígbẹ, wọ́n á fi ohun tí wọ́n yà mọ oko sínú ilé wọn, okùn funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ti olú á sì máa ta káàkiri inú oko náà. Nígbà tí òjò bá rọ̀ tó, olú á yọrí sókè, àmọ́ gbòǹgbò rẹ̀ á ṣì gùn wọlẹ̀ lọ bá ilé ikán. Gbòǹgbò tí iwin wa ń wọ́ kiri ti ibẹ̀ wá. Ògògò tún máa ń ní ṣónṣó láàárín fìlà, òun ló fi ń la ilẹ̀ kọjá. Ẹ má gbàgbé ṣónṣó yìí. Fìlà tó bá rí róbótó láìní in, agboorùn ni òǹwòran máa rí.

Lára igi tó ti kú ni etí ológbò máa ń wà. Àwọ̀ rẹ̀ dúdú díẹ̀ mọ́ pupa, ó máa ń rọ̀ nígbà tó bá tutù, ó máa ń rún jọ kó sì le nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, bí òjò bá sì tún rọ̀ á wú padà. Èjìká ni ká lẹ̀ ẹ́ mọ́. Ẹsẹ̀ adìyẹ kéré, ó funfun mọ́ eérú, ó máa ń tò lórí ara wọn. Ó dára fún àyà. Olú ọ̀rán wẹẹrẹ funfun tó máa ń bo ilẹ̀ lọ́gọ́ọ̀rọ̀ọ̀rún ni ká tò sí etí ìsàlẹ̀ ẹ̀wù.

Ohun mẹ́ta ló máa ń ba iṣẹ́ yìí jẹ́ kó tó bẹ̀rẹ̀. Èkíní ni àwọ̀ ewé. Olú kì í fi oòrùn se oúnjẹ bí igi, ohun tó ń jẹrà ló ń jẹ, torí náà kò ní ewé, kò sì ní èròjà tó ń fún ewé ní àwọ̀ rẹ̀. Èkejì ni kí wọ́n ya òrùka-òrùka sábẹ́ fìlà. Àwọn ìṣẹ́po tẹ́ẹ́rẹ́ tó wà lábẹ́ olú máa ń tò láti orí ẹsẹ̀ lọ sí etí fìlà ni. Ẹ̀kẹta ni kí wọ́n lẹ ojú àti ẹnu mọ́ fìlà. Ohun tó ń dẹ́rù bani lára Iwin Olú ni pé kò ní ojú. Bí fìlà náà bá rọra yí sọ́dọ̀ ẹnì kan, gbogbo gbọ̀ngàn á mọ ẹni tó ń wò.

Ohun èlò

Fún fìlà: pankẹ́rẹ́ mítà 12 tí kò nípọn ju ìka ọwọ́ tó kéré jù lọ, akoto òṣìṣẹ́ ilé kíkọ́ kan tó ní bẹ́líìtì nínú, wáyà tí àwọn tó ń tẹ irin ilé fi ń so irin, mítà 10, aṣọ funfun fẹ́lẹ́ tí kò wọ́n, yáàdì kan ààbọ̀, ìwé ìròyìn àtijọ́, láfún ago 2, álọ́ọ̀mù lílọ̀, ṣífọ́ọ̀nù aláwọ̀ wàrà oníbùú ínǹṣì 60, yáàdì kan àti ìdá mẹ́rin.

Fún ara: fómù onínípọn ínǹṣì kan, mítà 1.40 sí 1.05, aṣọ tó ń fà, irú èyí tí wọ́n fi ń ṣe singílẹ́ẹ̀tì, yáàdì 2, okùn èjìká báàgì ilé ìwé tó ti gbó, gọ́ọ̀mù àwọn aránbàtà, àwọ̀n ẹ̀fọn dúdú, tàbí funfun tí ẹ ti pa láró, màálẹ̀mọ́ (fẹ́líkírò, téèpù olójú méjì tó ń lẹ̀ mọ́ra tó sì ṣeé ṣí), yáàdì 2, ọ̀dà olómi funfun, lítà kan, pẹ̀lú àwọ̀ ilẹ̀ àti dúdú tí ẹ máa pò mọ́ ọn.

Ọjà Gbági ní Ìbàdàn ni kẹ́ ẹ lọ fún aṣọ. Ẹ mú téèpù ìwọ̀n dání, torí pé ìbú ínǹṣì 45 àti 60 máa ń jọ ara wọn lójú nígbà tí wọ́n bá ká a sórí igi. Láfún wà ní ọjà Bódìjà. Èyí tó bá kúnná ni kẹ́ ẹ mú. Fómù tó fúyẹ́ ni ká rà. Èyí tó le tí wọ́n fi ń ṣe ibùsùn olówó ńlá wúwo jù, kì í sì í tẹ̀ dáadáa.

Férémù fìlà

Kí ẹ tó gé ohunkóhun, ẹ wọn ẹnu ọ̀nà yàrá ìmúra, ẹ wọn ilẹ̀kùn ọkọ̀ tó máa gbé fìlà náà. Bó bá jẹ́ Micra ni, bó ṣe sábà máa ń rí nílùú yìí, fìlà oníbùú sẹ̀ǹtímítà 80 gbọ́dọ̀ dúró lórí etí rẹ̀ ní àga ẹ̀yìn. Bí ẹ bá ṣe é tóbi jù bẹ́ẹ̀, orí ọkọ̀ lẹ máa so ó mọ́, afẹ́fẹ́ ojú ọ̀nà á sì tú gbogbo ìdè rẹ̀. A fi 80 ṣe òdiwọ̀n níhìn-ín.

Ẹ rẹ pankẹ́rẹ́ sínú omi mọ́jú. Èyí tó bá gbẹ máa ń là níbi tí ẹ bá ti tẹ̀ ẹ́. Ẹ wá gé e báyìí:

– òrùka etí fìlà, ẹyọ kan, sẹ̀ǹtímítà 260 (10 nínú rẹ̀ wà fún ibi tí orí àti ìdí máa ti gùn ara wọn);
– òrùka àárín, ẹyọ kan, sẹ̀ǹtímítà 185;
– igi àjà, ẹyọ mẹ́rin, sẹ̀ǹtímítà 110 níkọ̀ọ̀kan;
– igi ìdè akoto, ẹyọ mẹ́rin, sẹ̀ǹtímítà 35 níkọ̀ọ̀kan.

Ẹ ká òrùka etí, ẹ fi wáyà dè é níbi mẹ́ta. Ẹ sàmì sí i lójú mẹ́jọ, kí àlàfo tó wà láàárín àmì kan àti èkejì jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 31 àti díẹ̀. Ẹ mú igi àjà kìíní, ẹ fi sẹ̀ǹtímítà 5 ní orí rẹ̀ kọ́ òrùka ní àmì kìíní, ẹ tẹ̀ ẹ́ gba òkè lọ sí àmì karùn-ún, ẹ kọ́ ọ níbẹ̀ náà, ẹ dè é. Láàárín, ó gbọ́dọ̀ ga ju òrùka lọ ní sẹ̀ǹtímítà 25. Bí ó bá ga jù, ẹ fa ìdí rẹ̀ síta díẹ̀. Ẹ ṣe bẹ́ẹ̀ fún àwọn mẹ́ta tó kù, kí gbogbo wọn pàdé ní góńgó, ẹ sì dè wọ́n papọ̀ níbẹ̀. Òrùka àárín á wá wọ inú, kó fara kan igi àjà kọ̀ọ̀kan ní sẹ̀ǹtímítà 20 láti etí. Òun ni kì í jẹ́ kí fìlà tẹ̀ nígbà tí ẹnì kan bá fọwọ́ tì í.

Gbogbo ìdí wáyà gbọ́dọ̀ yí sí ìta, kí ẹ sì fi àjákù aṣọ wé e. Wáyà tó bá kọjú sínú á gún òṣèré níwájú orí, kò sì ní lè pariwo lójú ìran.

Ibi tí a máa ń pàdánù jù ni gbígbé akoto sínú. Ẹni tí kò bá ronú á so góńgó akoto mọ́ góńgó férémù tààrà. Etí fìlà á wá sọ̀ kalẹ̀ dé ọ̀kánkán ẹnu òṣèré, kò sì ní rí ju ẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ. Etí fìlà àti etí akoto gbọ́dọ̀ wà lọ́gbọọgba. Láti rí i bẹ́ẹ̀, ẹ fi fómù tó ga ní nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 10 sí àárín góńgó méjèèjì, kẹ́ ẹ wá na igi ìdè mẹ́rin láti etí akoto lọ sí òrùka etí: níwájú, lẹ́yìn, ọ̀tún, òsì. Ẹ fi ìṣó gbígbóná lu ihò méjì-méjì sí etí akoto fún wáyà. Akoto tí ẹ bá ti lu báyìí kò gbọdọ̀ padà sí ibi iṣẹ́ ilé kíkọ́ mọ́ láéláé, nítorí náà ẹ kọ ọ́ sí i lára.

Ẹ jẹ́ kí òṣèré dé férémù lásán náà, kó rìn, kó bẹ̀rẹ̀, kó yíjú kíákíá. Bí ó bá ń mì, bẹ́líìtì akoto ni ẹ máa fún. Bí ó bá ń fì síwájú, igi ìdè iwájú ti gùn ju ti ẹ̀yìn lọ. Àtúnṣe rọrùn báyìí. Bí bébà bá ti bò ó tán, kò rọrùn mọ́.

Ẹ̀kọ àti bébà

Ẹ po láfún ago kan pọ̀ mọ́ omi tútù ago kan títí kò fi ní kókó. Ẹ gbé omi ago 5 kaná. Tó bá ti hó, ẹ máa da èyí tí ẹ ti pò sí i díẹ̀díẹ̀, kí ọwọ́ máa rò ó láìdúró. Yóò yí padà láti funfun sí èyí tó ń dán. Ẹ sọ̀ ọ́ kalẹ̀, ẹ da álọ́ọ̀mù ṣíbí tíì méjì sí i, ẹ fi aṣọ sẹ́ ẹ. Àwọn aládìrẹ ẹlẹ́kọ náà máa ń fi álọ́ọ̀mù sí ẹ̀kọ láfún wọn. Fún iṣẹ́ tiwa, ohun tó ń ṣe ni pé kì í jẹ́ kí bébà tètè bu. Ẹ̀kọ tó bá ti sùn ju ọjọ́ méjì lọ ti kan, ẹ dà á nù kẹ́ ẹ se òmíràn.

Ẹ kọ́kọ́ na aṣọ funfun fẹ́lẹ́ náà bo férémù, ẹ fa etí rẹ̀ wọ abẹ́ òrùka, ẹ fi abẹ́rẹ́ àti okùn gán an. Ẹ fi fómù gbẹ́ ṣónṣó tó ga ní sẹ̀ǹtímítà 6, ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ góńgó. Lẹ́yìn náà ni bébà. Ọwọ́ ni ká fi ya ìwé ìròyìn, kì í ṣe sísọ́ọ̀sì, torí pé etí tí a fọwọ́ ya máa ń wọlé sára ara wọn, ti sísọ́ọ̀sì máa ń fi ìlà sílẹ̀ tí ọ̀dà kò lè bò. Kí abala kọ̀ọ̀kan fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 4, kó gùn ní 15. Ẹ kì í bọ̀ ọ́ sínú ẹ̀kọ, ẹ kùn ún ni, kẹ́ ẹ fi ìka fa èyí tó pọ̀ jù kúrò. Ìpele kìíní á gba ìlà láti góńgó lọ sí etí, ìkejì á yí fìlà po, ìkẹta á tún gba ìlà ti kìíní. Ìpele mẹ́ta tó. Ẹni tó bá ṣe márùn-ún nítorí kó lè le dáadáa ti sọ fìlà di ẹrù.

Ìpele kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ gbẹ kí òmíràn tó gorí rẹ̀. Ẹ gbé ẹ̀rẹ̀kẹ́ lé e: bí ó bá tutù sí yín lára, omi ṣì wà nínú rẹ̀. Nígbà ọyẹ́, láàárọ̀ sí ìrọ̀lẹ́ ti tó fún ìpele kan. Láàárín oṣù karùn-ún sí ìkẹwàá, ẹ má gbọ́kàn lé oòrùn. Ẹ gbé e sínú yàrá, ẹ kọ fáànù sí i lábẹ́, kẹ́ ẹ máa yí i. Bí iná bá lọ, ẹ ṣí fèrèsé méjèèjì. Ẹ má gbé e sún mọ́ iná ààrò, torí pé ìta á gbẹ, inú á tutù, omi tó há sáàárín á sì hu irun funfun àti dúdú láàárín ọjọ́ díẹ̀. Òórùn rẹ̀ ni ẹ máa kọ́kọ́ gbọ́. Ibi tó bá ti bu báyìí, gígé ni ká gé e kúrò, ká fi ọtí kíkan nu àyíká rẹ̀, ká jẹ́ kó gbẹ, ká wá tún un lẹ̀. Kíkun ọ̀dà bò ó kò ràn án.

Ìṣẹ́po abẹ́ fìlà

Ẹ gé ṣífọ́ọ̀nù náà sí abala márùn-ún, kí kọ̀ọ̀kan fẹ̀ ní sẹ̀ǹtímítà 30. Ẹ rán wọn mọ́ra ní orí àti ìdí kó di aṣọ gígùn kan tó lé ní mítà 5. Ẹ ṣẹ́ ẹ ní sẹ̀ǹtímítà méjì-méjì jákèjádò, ẹ fi áyọ́ọ̀nù tí kò gbóná jù tẹ̀ ẹ́. Ẹ gán apá kan mọ́ òrùka etí, kí ìṣẹ́po kọ̀ọ̀kan kọjú sí àárín. Ẹ ki okùn bọ apá kejì, ẹ fà á jọ yí etí akoto po, ẹ so ó.

Ṣífọ́ọ̀nù ṣe dáadáa níbí nítorí pé afẹ́fẹ́ ń gba inú rẹ̀ kọjá, iná ìtàgé sì máa ń mú kó tàn láti ìsàlẹ̀. Aṣọ tó nípọn máa ń sọ inú fìlà di ààrò. Ẹ má lẹ ìṣẹ́po yìí pa. Gígán ni, kẹ́ ẹ lè tú u fọ̀. Ẹ fi fómù pelebe mẹ́rin sínú ìṣẹ́po ní ọ̀tún, òsì, iwájú àti ẹ̀yìn bó bá ń rọ̀ wálẹ̀ jù.

Ara

Ẹ gé fómù kí òkè rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 110, ìsàlẹ̀ rẹ̀ 140, gíga rẹ̀ 105. Abẹ́ apá ló ti bẹ̀rẹ̀, ojúgun ló parí sí. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kí wọ́n fún ìsàlẹ̀ kó lè jọ ẹsẹ̀ olú tó tẹ́ẹ́rẹ́. Òṣèré tí ìsàlẹ̀ ẹ̀wù rẹ̀ bá fún kò lè gbé ẹsẹ̀ lé àtẹ̀gùn, ó máa ṣubú. Ògògò tiẹ̀ máa ń wú nídìí kó tó sọ̀ wọlẹ̀, nítorí náà ìsàlẹ̀ tó gbòòrò kò bá olú jà.

Abẹ tuntun ni ká fi gé fómù, ká fà á lẹ́ẹ̀kan náà láìrẹ́ ẹ bí ẹran. Ẹ fi gọ́ọ̀mù aránbàtà kun etí méjèèjì, ẹ dúró ìṣẹ́jú 10 sí 15 títí kò fi lẹ̀ mọ́ ìka mọ́, ẹ wá pa wọ́n pọ̀. Ẹ kò ní àǹfààní ẹ̀ẹ̀kejì: bó bá ti mú, ó ti mú. Ìta gbangba ni ká ti ṣe iṣẹ́ yìí, jìnnà sí iná àti sìgá, torí pé èéfín gọ́ọ̀mù náà máa ń gbiná, ó sì máa ń fọ́ni lórí. Iwájú ni ibi tí ẹ lẹ̀ pọ̀ yìí máa wà; ẹ la ẹ̀yìn láti òkè dé ìdí, kẹ́ ẹ fi màálẹ̀mọ́ sí i dípò gọ́ọ̀mù, kí ènìyàn lè bọ́ ẹ̀wù náà sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ẹ rán okùn báàgì méjèèjì mọ́ òkè rẹ̀, kí wọ́n gun èjìká. Ẹ na aṣọ tó ń fà náà bò ó.

Ìyẹ̀rì tó máa ń yí ọrùn olú kan ká jẹ́ àjákù awọ tó bo ìṣẹ́po rẹ̀ nígbà èwe. Àwa á lò ó láti fi bo èjìká, apá àti ihò afẹ́fẹ́. Ẹ gé aṣọ róbótó kan tí ìbú rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 106, ẹ gé ihò ọrùn oníbùú 16 sí àárín, ẹ la ẹ̀yìn rẹ̀, ẹ fi màálẹ̀mọ́ sí i. Ẹ fa etí ìta rẹ̀ ya ségesège. Olú kì í ṣẹ́ etí. Lábẹ́ rẹ̀, ẹ gé ihò mẹ́fà tó tó ẹnu ife sára fómù, mẹ́ta níwájú, mẹ́ta lẹ́yìn.

Láàárín akoto àti ìyẹ̀rì, ṣífọ́ọ̀nù tó kù ni kẹ́ ẹ fi ṣe ọrùn, àfi ibi ojú. Ojú fèrèsé onísẹ̀ǹtímítà 20 sí 12 ni, ìpele àwọ̀n ẹ̀fọn dúdú méjì ló wà níbẹ̀. Òǹwòran kò ní rí ojú òṣèré níwọ̀n ìgbà tí inú fìlà bá dúdú tí ìta sì mọ́lẹ̀, nítorí náà ẹ fi ọ̀dà dúdú kun iwájú akoto. Ẹni tó bá lo àwọ̀n funfun á rí i pé iná ìtàgé máa ń bì lára rẹ̀ sójú òṣèré, kò sì ní rí nǹkan kan.

Ọ̀rọ̀ kan nípa ibi tí a wà. Ìbàdàn ní egúngún, ọdún rẹ̀ sì ń kó èrò jọ. Ẹ má fi ọ̀já aṣọ aláràbarà tó ń jọ ẹ̀kú ṣe ara Iwin Olú, ẹ má sì jẹ́ kí òṣèré wọ̀ ọ́ rìn láàárín ìgboro lọ sí ibi eré. Inú yàrá ìmúra ni ká ti wọ̀ ọ́, ibẹ̀ náà ni ká ti bọ́ ọ.

Gbòǹgbò àti àwọn olú kéékèèké

Okùn tó nípọn, mítà kan, tí ẹ fi àjákù aṣọ wé títí tó fi tẹ́ẹ́rẹ́ lọ sí ìdí, ni gbòǹgbò. Màálẹ̀mọ́ ni kó so ó mọ́ ẹ̀wù, láìsí ìdè mìíràn. Ẹnì kan máa tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ lọ́jọ́ kan. Kí gbòǹgbò já sílẹ̀ sàn ju kí òṣèré ṣubú sẹ́yìn.

Fún etí ológbò, ẹ ká wáyà sí àwòrán etí, ẹ fa ìbọ̀sẹ̀ obìnrin aláwọ̀ ilẹ̀ bò ó, ẹ fi gọ́ọ̀mù funfun ti àwọn kápẹ́ńtà kùn ún lẹ́ẹ̀mejì. Ó máa ń le díẹ̀, ó sì máa ń dán bí ẹni pé òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ dá. Méje sí mẹ́sàn-án lórí èjìká kan, kí èjìká kejì ní mẹ́ta péré. Olú kì í hù ní déédéé. Fómù tó ṣẹ́kù ni ẹ fi ṣe ẹsẹ̀ adìyẹ àti olú ọ̀rán.

Ọ̀dà àti iná

Ọ̀dà olómi nìkan. Ọ̀dà elépo máa ń sán lára fómù, òórùn rẹ̀ kì í sì í kúrò nínú fìlà. Ẹ po ọ̀dà àti omi lọ́gbọọgba fún ìkùn àkọ́kọ́. Fún fìlà, funfun ìlọ́po márùn-ún sí àwọ̀ ilẹ̀ ẹyọ kan; ẹ fi àwọ̀ ilẹ̀ kún un bẹ́ ẹ ṣe ń sún mọ́ ṣónṣó, kí ṣónṣó náà dúdú jù. Kànìnkànìn ìbílẹ̀ ni kẹ́ ẹ fi máa tẹ̀ ẹ́ dípò búrọ́ọ̀ṣì. Ipa tó ń fi sílẹ̀ dára ju ohun tí ọwọ́ lè yà lọ. Ẹsẹ̀ á funfun mọ́ eérú, ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ á gba òkè sọ̀ kalẹ̀. Ẹ fi ẹrẹ̀ gidi, tí ẹ pò mọ́ gọ́ọ̀mù funfun, kun ìsàlẹ̀ dé orúnkún.

Ẹ wo àwọ̀ náà lábẹ́ iná ìtàgé kẹ́ ẹ tó parí. Ohun pupa máa ń dúdú lábẹ́ iná aláwọ̀ ewé, àwọn tó ń tan iná ìran igbó sì fẹ́ràn iná yẹn gan-an.

Àwọn olú kan wà láyé tó ń tan ìmọ́lẹ̀ aláwọ̀ ewé lóru. Bí ìtàn yín bá fẹ́ irú rẹ̀, okùn iná wẹẹrẹ ọdún Kérésì tó ń lo bátìrì kékeré ni kẹ́ ẹ tò sẹ́yìn ìṣẹ́po, kí àpótí bátìrì wà lẹ́yìn akoto kó lè gbé iwájú fìlà dúró. Kò sí gílóòbù tó ń gbóná, kò sí wáyà iná ilé.

Ìyẹ̀fun

Ìyẹ̀fun tí olú fi ń bí olú máa ń já bọ́ láti inú ìṣẹ́po. Àtíkè díẹ̀ nínú ìgò ike rírọ̀, tí òṣèré bá tẹ̀ lábẹ́ ìyẹ̀rì, máa ń ṣe é dáadáa. Ṣíbí kan tó fún ìran kan. Àwọn ìyẹ̀fun kan lè gbiná bí wọ́n bá pọ̀ lójú afẹ́fẹ́, torí náà bí fìtílà tàbí àbẹ́là bá wà lójú ìran, ẹ yọ ọ́ kúrò nínú eré pátápátá. Ó tún máa ń mú ilẹ̀ yọ̀. Ẹ jẹ́ kí ẹnì kan wà tó máa nu ilẹ̀ kí ìran tó kàn tó bẹ̀rẹ̀.

Wíwọ̀ àti bíbọ́

Ara ni ká kọ́kọ́ wọ̀, lẹ́yìn náà ìyẹ̀rì, fìlà gbẹ̀yìn. Ènìyàn méjì ló ń wọ̀ ọ́ fún òṣèré. Ìgbà tí ẹ bá dán an wò, ẹ ka ìṣẹ́jú àáyá: fìlà gbọ́dọ̀ kúrò lórí láàárín márùn-ún bí òṣèré bá ké pé òun fẹ́ bọ́ ọ. Ogún ìṣẹ́jú ni kó pẹ́ jù nínú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan, omi sì gbọ́dọ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìtàgé. Kí òṣèré fi ìgbésẹ̀ kúkúrú rìn láìgbé orúnkún sókè, kó sì yí gbogbo ara pẹ̀lú fìlà. Bó bá ń yí orí nìkan, àṣírí tú, a ti rí ènìyàn tó dé fìlà.

Títọ́jú rẹ̀

Ẹ tú ìṣẹ́po, ẹ fi omi tútù àti ọṣẹ fọ̀ ọ́. Ẹ fi àkísà tútù nu inú akoto, ẹ gbé fómù sí ibi tí afẹ́fẹ́ wà títí òógùn á fi gbẹ. Ẹ má gbé fìlà lélẹ̀: ẹ̀kọ láfún ni aáyán àti eku ń wá, bébà ni ikán ń wá, àwọn tó ń tọ́jú ògògò nínú igbó kò ní ṣàánú ti yín. Ẹ fi okùn méjì so ó rọ̀ mọ́ àjà, ẹ so káńfọ̀ mẹ́rin sínú rẹ̀, ẹ pààrọ̀ rẹ̀ bó bá ti rùn tán. Ibi tí ọ̀dà bá ti hó, ẹ tún un kùn kí òjò tó bẹ̀rẹ̀, torí pé ibẹ̀ ni ọ̀rinrin máa gbà wọlé. Kí ẹ tó so ó kọ́, ẹ fọwọ́ wá gbogbo ìdè wáyà inú férémù lọ́kọ̀ọ̀kan. Èyí tó bá ti dẹ̀, ẹ gé e, kẹ́ ẹ fi tuntun dè é, torí pé wáyà tí a bá tún yí lẹ́ẹ̀kejì máa ń kán.